Ẹja Tí Oyin Tọ́

Obìnrin alágbàfọ̀ yìí kì í fi ọ̀rọ̀ pamọ́ sínú. Tí kọ́là ẹ̀wù bá dọ̀tí, yóò sọ fún ẹni tó ni ín lójú ara rẹ̀ pé ó dọ̀tí. Tí ṣòkòtò bá ti gbó dé ibi tí áyọ́ọ̀nù kò ti lè gbà á là mọ́, yóò ní kí wọ́n máa gbé e padà lọ sílé. Iná kì í ṣe ọ̀fẹ́, omi kì í ṣe ọ̀fẹ́, kò sì sí èrè nínú kíkun àtíkè fún òkú.

Yàrá gbọọrọ kan ní ìsàlẹ̀ ilé alájà ló ti ń ṣiṣẹ́. Ẹ̀rọ ìfọṣọ wà ní ẹ̀gbẹ́ kan, tábìlì ìlọṣọ wà lẹ́bàá fèrèsé, aṣọ gbígbẹ sì so rọ̀ sórí okùn lókè bí àdán. Ooru ibẹ̀ lè se ẹyin. Ẹnìkejì rẹ̀ níbi iṣẹ́ ni obìnrin kan tí gbogbo oníbàárà ń pè ní Sítáàṣì, nítorí òun ló ń po sítáàṣì, ọ̀rọ̀ ẹnu rẹ̀ náà sì máa ń gan bí ẹ̀wù tí wọ́n rì sínú rẹ̀.

Ọkọ alágbàfọ̀ ń wa ọkọ̀ àjàgbé. Jẹ́jẹ́ ni àwọn awakọ̀ ẹgbẹ́ rẹ̀ ń pè é, torí kì í sáré, kì í sì í sọ̀rọ̀. Ó lè rìnrìn àjò kó pẹ́ débi tí eruku yóò fi di ìpara lójú rẹ̀, bó bá dé, tí ìyàwó rẹ̀ ní, "Báwo lọ̀nà?", èsì rẹ̀ ni, "Ó dáa." Kí lẹ jẹ? "Oúnjẹ." Kí ló ṣẹlẹ̀? "Kò sí." Ó tán nìyẹn. Èèyàn ń fi owó ṣahun, ti Jẹ́jẹ́, ọ̀rọ̀ ló fi ń ṣahun. Kì í ṣe pé kò fẹ́ràn ìyàwó rẹ̀. Ṣùgbọ́n ìfẹ́ tí kò lẹ́nu, ẹni tí wọ́n fẹ́ náà ni yóò máa ṣe iṣẹ́ àtigbọ́ ọ.

Ohun tó wá gba ẹnu sọ fún wọn ni géèmù.

Ọmọbìnrin wọn kan ṣoṣo ló fi í sílẹ̀ nígbà tó ń lọ ilé ọkọ, pẹ̀lú káàdì méjì. Ẹ̀rọ náà kò tóbi ju àtẹ́lẹwọ́ lọ. Káàdì rẹ̀ kéré bí èékánná àtàǹpàkò, ihò orí ẹ̀rọ ni wọ́n ń kì í bọ̀, káàdì kọ̀ọ̀kan sì ní ayé tirẹ̀ nínú: igbó, odò, òkè, àti ẹranko tí ojú kò rí rí. Èèyàn yóò dọdẹ wọn, yóò mú wọn, yóò tọ́ wọn dàgbà. Ẹni tó bá mú ẹranko, orúkọ ẹni náà ni yóò máa wà lára rẹ̀, ibi yòówù kó lọ. Kò ṣeé pa rẹ́. Bí àwọn ẹranko kan sì ṣe ń ti ọwọ́ ẹnì kan bọ́ sọ́wọ́ ẹlòmíràn ni wọ́n ń dàgbà, bí ọmọ tí wọ́n rán lọ gbé lọ́dọ̀ àwọn ẹbí.

Àwọn tó ní ẹ̀rọ méjì, wọn yóò kọjú ẹ̀rọ síra, pàṣípààrọ̀ ti parí. Ẹyọ kan ni tọkọtìyàwó yìí ní, a kì í sì í ra òmíràn nígbà tí táyà ọkọ̀ ti ń fi okùn inú hàn. Nítorí náà, yàrá ìdúró ni wọ́n ń lò. Inú ẹ̀rọ fúnra rẹ̀ ni yàrá yìí wà, kì í ṣe inú káàdì. Ẹni kìíní yóò ki káàdì tirẹ̀ bọ̀ ọ́, yóò fi ẹranko sínú yàrá ìdúró, yóò yọ káàdì. Ẹnìkejì yóò ki tirẹ̀ bọ̀ ọ́, yóò ṣílẹ̀kùn, yóò mú ẹranko lọ. Ẹyọ ẹranko kan ni yàrá náà gbà. Bí èèyàn bá fẹ́ kó òmíràn síbẹ̀ nígbà tí ti àkọ́kọ́ kò tíì jáde, ẹ̀rọ yóò bi í pé ṣé kí òun lé ti àkọ́kọ́ dànù. Bó bá tẹ bẹ́ẹ̀ ni, kò sí ibi tí wọ́n tún ti ń wá a.

Bí Jẹ́jẹ́ bá gbé ẹ̀rọ lọ sí ìrìn àjò kan, ọ̀dọ̀ ìyàwó ni yóò wà ní ìrìn àjò tó tẹ̀ lé e. Ẹni tó bá sì fẹ́ fà á lé ẹnìkejì lọ́wọ́ yóò fi ẹranko kan sílẹ̀ nínú yàrá ìdúró. Ìgbín olókùúta túmọ̀ sí pé ọ̀nà kò dára, ó ti rẹ̀ mí. Ẹyẹ pupa ni pé inú mi dùn. Ẹni tó bá ń bínú yóò fi àkekèé síbẹ̀. Àkọ́kọ́ pátápátá tí ìyàwó fi ránṣẹ́ sí ọkọ ni ọ̀kẹ́rẹ́ kan, ó ní àwọ̀ ewé, ó hu ìwo kan níwájú orí. Òun ni ẹranko tó kọ́kọ́ mú láyé rẹ̀, ó sì sọ ọ́ ní Àkọ́bí. Inú káàdì ọkọ rẹ̀ ni Àkọ́bí ń gbé láti ìgbà náà.

Láàárọ̀ ọjọ́ kan tí Jẹ́jẹ́ ti gbéra, alágbàfọ̀ kó aṣọ sínú ẹ̀rọ ìfọṣọ, ó jókòó sórí àpótí níwájú rẹ̀, ó ki káàdì tirẹ̀ bọ géèmù, ó ṣí yàrá ìdúró.

Ẹja ló wà níbẹ̀. Ẹja aláwọ̀ fàdákà, ó hu ìyẹ́ méjì gbọọrọ, ó ń fò, omi ń kán sílẹ̀ lára rẹ̀.

Ó pariwo. Ó ti pẹ́ tí ọkàn rẹ̀ ti wà lára ẹja abìyẹ́ yìí. Kò sí nínú káàdì tirẹ̀, kò sí nínú ti ọkọ rẹ̀. Irú káàdì mìíràn tí wọn kò ní ni wọ́n ti ń rí i. "Sítáàṣì, wá wò ó! Ọkọ mi!" Ó ń fi ìka tọ gbogbo ara ẹja náà, ìka rẹ̀ sì gúnlẹ̀ sí ìsàlẹ̀, níbi tí wọ́n kọ orúkọ ẹni tó mú un sí.

Oyin.

Ẹ̀rín kúrò lójú rẹ̀ bí ìgbà tí wọ́n yọ wáyà iná.

"Ta ni Oyin?"

Sítáàṣì na ọrùn. "Oyin wo? Ti inú ìgò ni, àbí èyí tó ń ta èèyàn?"

"Òun ló mú ẹja yìí."

"Ó dáa náà. Ẹja ọ̀fẹ́."

"Sítáàṣì, ronú. Ẹ̀rọ kan la ní. Kò sí bí ẹja ẹ̀ ṣe máa wọ yàrá ìdúró àfi tó bá ki káàdì ẹ̀ bọ inú ẹ̀rọ yìí." Ó gbé e sókè. "Eléyìí. Ó gbé e dání. Ó fi ìka tẹ ibi tí mò ń tẹ̀."

Sítáàṣì jókòó pẹ̀lẹ́. "Háà. Ìyẹn burú ju kí wọ́n lo búrọ́ọ̀ṣì ìfọyín ẹni lọ."

"Wo bó ṣe dàgbà tó! Èèyàn ò lè tọ́ ẹja dé ibí yìí láàárín ọjọ́ kan. Obìnrin yìí ò kánjú. Ta ló wá sọ fún un pé ẹja abìyẹ́ ni mo fẹ́?"

"Ọkọ ẹ ni."

"Ọkọ mi tí kì í sọ̀rọ̀?"

"Kì í sọ ọ́ fún ẹ ni," ni Sítáàṣì wí. Ọ̀rọ̀ náà ti jáde kó tó mọ̀ pé ó wúwo.

Alágbàfọ̀ yọ káàdì tirẹ̀, ó ki ti ọkọ rẹ̀, tó máa ń bá ẹ̀rọ gbélé, bọ̀ ọ́. Ó wo ìgbín, ó wo ẹyẹ, ó wá gbogbo inú rẹ̀ láti òkè délẹ̀. Àkọ́bí kò sí níbẹ̀.

Ìgbà yẹn ni owú wá wọ̀ ọ́ lára. Ó dìde, ó tẹ́ ẹ̀wù funfun kan tí olùkọ́ kan gbé wá sórí tábìlì, ó gbé áyọ́ọ̀nù lé e. Ó ń rò ó pé báwo ni obìnrin náà ṣe jókòó: ṣé iwájú ọkọ̀ ni, lórí ìjókòó tí òun fọwọ́ ara òun rán aṣọ bò? Ṣé wọ́n fẹ̀gbẹ́ kẹ̀gbẹ́ kí àwọn méjèèjì lè rí ojú ẹ̀rọ? Ojú ẹ̀rọ náà kò tóbi. Ẹni méjì tó bá fẹ́ wò ó pọ̀, orí wọn fẹ́rẹ̀ẹ́ kanra. Ta ló kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín?

"Áyọ́ọ̀nù!" Sítáàṣì ké.

Ẹ̀yìn ẹ̀wù náà ti gba àmì pupa rúsúrúsú, ó ní ẹnu ṣóńṣó bí ọkọ̀ ojú omi. Owú jíjẹ ní ohun tó ń náni, ẹni tó bá sì ń jẹ ẹ́ kì í béèrè iye kó tó gbé e. Ti ọjọ́ yẹn, ó bẹ̀rẹ̀ láti orí ẹ̀wù olùkọ́ pẹ̀lú ẹ̀bẹ̀ gígùn.

Ohun tó tẹ̀ lé e wọ́n ju ẹ̀wù lọ. Nígbà tí wọ́n fẹ́ ti ilẹ̀kùn ṣọ́ọ̀bù nírọ̀lẹ́, alágbàfọ̀ wá kòkòrò kan nínú káàdì rẹ̀, kòkòrò lásán, irú èyí tí wọ́n ń rí lábẹ́ gbogbo ewé nínú géèmù. Ó yí orúkọ rẹ̀ sí "Mo Ti Mọ̀". Ó gbé e lọ sí yàrá ìdúró. Ẹ̀rọ bi í léèrè ìbéèrè rẹ̀: ẹja kan wà níbí, ṣé kí n lé e?

"Kí lo fẹ́ ṣe?" Sítáàṣì ń sáré nu ọwọ́ sí yẹ̀rì. "Dúró ná. Kí ọkùnrin yẹn dé. Kó rojọ́ tẹnu ẹ̀!"

"Tó bá lẹ́nu."

Ó tẹ bẹ́ẹ̀ ni. Ẹja fi ìyẹ́ gbá omi lẹ́ẹ̀kan, ó lọ.

Sítáàṣì ká ọwọ́ lérí. "Èmi ò sọ pé kó o lé e o. Ẹja ṣẹ̀ ẹ́ ni?"

Jẹ́jẹ́ dé lọ́sàn-án ọjọ́ tí wọ́n ń retí rẹ̀. Ó wẹ̀, ó jẹun, ó jókòó sórí àga rẹ̀, ó gbé géèmù. Ìyàwó rẹ̀ dúró lẹ́nu ilẹ̀kùn yàrá ìdáná, ó ń nu abọ́ tó ti gbẹ tipẹ́. Ó rí i nígbà tó ṣí yàrá ìdúró. Ó rí i tó ka orúkọ kòkòrò náà, tó tún un kà.

"Ẹja ńkọ́?"

"Mo lé e."

"Lọ síbo?"

"Síbi tó o rán Àkọ́bí mi lọ."

Láti ọjọ́ tó ti wọlé rẹ̀, kò fi "o" bá ọkọ rẹ̀ sọ̀rọ̀ rí. Ọkùnrin náà gbé ojú sókè bí ẹni tí wọ́n fọn fèrè ọkọ̀ sí létí.

"Àkọ́bí ò sọnù," ó ní. "Ó wà lọ́wọ́ Oyin."

"Mo mọ̀! Ta ni Oyin?"

"Ó wà níbi ìwọ̀n."

"Kí ló ń wọ̀n?"

"Ọkọ̀."

"Ẹ̀yin ọkùnrin yìí, ẹ fẹ́ pa mí! Obìnrin kan ki káàdì bọ ẹ̀rọ mi, ẹ ní ó ń wọn ọkọ̀."

Jẹ́jẹ́ gbé ẹ̀rọ sílẹ̀. Ó kó ọ̀rọ̀ jọ bí ẹni tó ń kó ẹrù tó wúwo sórí ọkọ̀. "Ẹja yẹn lò ń fẹ́. Òun nìkan ni mo rí tó ní i. Mo bẹ̀ ẹ́. Ó ní àfi kí n fún òun ní Àkọ́bí. Mo fún un."

"Kí ló dé tẹ́ ẹ ò sọ fún mi?"

Ìbéèrè náà yà á lẹ́nu gan-an. "Mo ṣáà fi ẹja sílẹ̀."

Alágbàfọ̀ gbé abọ́ kalẹ̀. Ó gbà á gbọ́. Ibi tó ti burú nìyẹn: ó gbà á gbọ́ pátápátá, owú náà kò sì fi ìka kan dínkù. Ó tiẹ̀ pọ̀ sí i ni. Ẹ̀bùn òun ti wà nínú yàrá, òun fọwọ́ ara òun lé e jáde; obìnrin tí òun kò mọ̀ sì wà níbì kan, ó ń fún ọmọ òun lóúnjẹ.

"Ẹ máa mú mi lọ," ó ní.

"Síbo?"

"Síbi ìwọ̀n. Kí wọ́n wọn èmi náà wò."

Ojú ọ̀nà ni wọ́n wà láàárọ̀ ọjọ́ tí Jẹ́jẹ́ tún fẹ́ lọ kẹ́rù. Alágbàfọ̀ gbé ẹ̀rọ lé itan, ó sì ń gbàdúrà sínú pé kí obìnrin náà burẹ́wà.

Àdúrà náà kò gbà. Pẹpẹ irin ńlá kan ló wà nílẹ̀ níbi tí àwọn ọkọ̀ ti ń gùn kọjá lọ́kọ̀ọ̀kan, yàrá kékeré onífèrèsé wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, akọ̀wé ìwọ̀n sì jókòó sínú rẹ̀, ó ń lu òǹtẹ̀ mọ́ ìwé. Obìnrin tó mọ́ ni. Ojú rẹ̀ ń dán. Kọ́là ẹ̀wù rẹ̀ funfun, wọ́n lọ̀ ọ́ débi pé etí rẹ̀ lè gé búrẹ́dì. Ti kọ́là yẹn ló dun alágbàfọ̀ jù.

"Jẹ́jẹ́!" Obìnrin náà ti ń rẹ́rìn-ín kí wọ́n tó dé ẹnu fèrèsé. "Ta lẹ gbé wá yìí? Háà, ẹ má sọ ọ́. Ẹ káàbọ̀ mà! Ẹ̀yin lẹ ni ẹja. Báwo ló ṣe ń ṣe?"

"Mo lé e," ni alágbàfọ̀ wí.

"Ẹ lé e báwo?"

"Dànù. Orúkọ ẹ wà lára ẹ̀, inú bí mi, mo fi kòkòrò kan lé e."

Òǹtẹ̀ dúró lókè. Ẹ̀rín Oyin lọ díẹ̀díẹ̀, nígbà tó sì lọ tán, èèyàn rí i pé obìnrin náà kò kéré mọ́, pé ó rẹ̀ ẹ́. "Láti ìgbà tí mo ti débí ni mo ti ń tọ́ ẹja yẹn mà," ó ní. "Nínú yàrá yìí. Kò sẹ́ni tó ń bá mi sọ̀rọ̀ níbí ju pé, 'Akọ̀wé, ṣe kíá.'"

Alágbàfọ̀ ti di ìjà láti ilé wá. Kò rí ibi tó máa sọ ọ́ kalẹ̀ sí. "Jọ̀ọ́, má bínú," ó ní. "Ọ̀kẹ́rẹ́ mi ni mo wá gbà."

"Ẹ lé ẹja mi, ẹ tún fẹ́ gba ọ̀kẹ́rẹ́?" Oyin mi orí. "Kò sí ọ̀fẹ́ níbí mà. Ọkọ̀ òfìfo gan-an, à ń wọ̀n ọ́n. Kí lẹ gbé wá?"

Ohun tó gbé wá ni erinmi kan tó ń pè ní Ọ̀gá, èyí tó lágbára jù nínú gbogbo káàdì rẹ̀. Ó fi Ọ̀gá sínú yàrá ìdúró. Ó yọ káàdì rẹ̀, ó dì í mú sínú àtẹ́lẹwọ́, ó sì na ẹ̀rọ gba ojú fèrèsé sí obìnrin náà. Ó nira fún un ju kó bọ́ òrùka lọ. Fún ìṣẹ́jú yẹn, Ọ̀gá kì í ṣe tirẹ̀, kì í ṣe ti ẹnikẹ́ni.

Oyin ki káàdì bọ̀ ọ́. Òun nìkan ló ń rí ojú ẹ̀rọ. "Tí mo bá wá kòkòrò kan báyìí," ó sọ pẹ̀lẹ́, "tí mo gbé e lé ti yín lórí, tí mo tẹ bẹ́ẹ̀ ni, a ti kúrò ní gbèsè."

"Mo mọ̀."

"Ẹ̀rù ò bà yín?"

"Ó ń bà mí."

Ọkọ̀ ẹ̀yìn fọn fèrè. Òmíràn gbà á lẹ́nu rẹ̀. Awakọ̀ kan yọrí, ó ń béèrè bóyá wọ́n ń wọn ọkọ̀ ni àbí wọ́n ń ṣe ìgbéyàwó. Jẹ́jẹ́ dúró láàárín obìnrin méjèèjì bí òpó iná. Oyin tẹ nǹkan kan, ó tẹ òmíràn, ó yọ káàdì rẹ̀, ó dá ẹ̀rọ padà láìsọ ohun tó ṣe.

Alágbàfọ̀ ki káàdì bọ̀ ọ́. Ó ṣí yàrá. Àkọ́bí ló wà níbẹ̀. Ó ti hu ìwo sí i, ìrù rẹ̀ ti gùn, ó ti ga débi pé ó fẹ́rẹ̀ẹ́ má dá a mọ̀.

"Ó ti dàgbà," ó ní.

"Ó ti ti ọwọ́ kan bọ́ sí òmíràn," Oyin dá a lóhùn. Ẹ̀rín rẹ̀ ti ń padà bọ̀. Ó yíjú sí Jẹ́jẹ́. "Ẹ wò ó, mo ti mọ ibi tí ejò olómi inú géèmù yẹn ń sá pamọ́ sí!"

Jẹ́jẹ́ sì dáhùn. Ó ní irọ́ ni, abẹ́ afárá ló wà, òun ti rí ìrù rẹ̀. Oyin ní ojú rẹ̀ ti ń ṣú. Jẹ́jẹ́ ní kí Oyin wá bá òun wa ọkọ̀ bó bá jẹ́ ojú òun ló ṣú. Ó rẹ́rìn-ín. Ọkùnrin tí ọ̀rọ̀ ilé rẹ̀ kò ju "ó dáa" lọ, ó dúró lójú fèrèsé, ó ń tako èèyàn, ó ń fi ọwọ́ ṣàpèjúwe afárá!

Owú tí alágbàfọ̀ ti ń jẹ láti ọjọ́ yìí wá, eré ni. Èyí gan-an lowú. Bó bá jẹ́ pé wọ́n dìmọ́ra ni, ó mọ ohun tó máa ṣe: ó ní ẹnu, ó ní bàtà. Ṣùgbọ́n kí lèèyàn ń ṣe fún ẹni tó gba ọ̀rọ̀ ọkọ ẹni?

"Kí lẹ máa ń sọ?" ó bi Oyin. "Èmi ò jà. Mo kàn fẹ́ mọ̀ ni. Tó bá dúró síbí, kí ló máa ń sọ?"

Oyin wo Jẹ́jẹ́. Jẹ́jẹ́ wo táyà.

"Ọ̀rọ̀ yín ló pọ̀ jù níbẹ̀ mà," Oyin wí. "Ó ní ẹ máa ń bá aṣọ wí bí ẹni ń bá ọmọ wí, tẹ́ ẹ bá ń lọ̀ ọ́. Ó ní tí òun bá ti ìrìn àjò dé, òun kì í tètè wọlé. Òun á dúró lẹ́yìn ilẹ̀kùn ṣọ́ọ̀bù kí òun lè gbọ́ ọ."

Fèrè ọkọ̀ ń dún. Alágbàfọ̀ fi ẹ̀rọ há abíyá. Ọ̀rọ̀ dídùn ni, nípa tirẹ̀ ni, etí ẹlòmíràn ni wọ́n sì ń dà á sí. Ó dùn mọ́ ọn, ó sì dùn ún, lẹ́ẹ̀kan náà, bí ẹni tó fi ahọ́n kan eyín tó ń yún un.

Wọ́n wọn ọkọ̀, wọ́n kẹ́rù, wọ́n jáde sójú ọ̀nà. Oòrùn mú. Lẹ́yìn ìgbà díẹ̀, Jẹ́jẹ́ fi orí júwe ẹ̀rọ tó wà lórí itan ìyàwó rẹ̀. "Fi nǹkan sílẹ̀ fún mi," ó ní. "Nínú yàrá."

"Mi ò fi nǹkan kan síbẹ̀."

"O ṣì ń bínú."

"Owú ni mò ń jẹ, kì í ṣe ìbínú. Mo sì fẹ́ kẹ́ ẹ gbọ́ ọ látẹnu mi, kì í ṣe látẹnu àkekèé." Ó pa ẹ̀rọ. "Ohun tẹ́ ẹ sọ fún Oyin, ẹ sọ ọ́ fún mi."

"O ti gbọ́ ọ."

"Mo gbọ́ ọ lẹ́nu ẹ̀. Mi ò tíì gbọ́ ọ lẹ́nu yín."

Jẹ́jẹ́ wúkọ́. Ó wo dígí ẹ̀gbẹ́, kò sí ọkọ̀ kankan lẹ́yìn wọn tó lè gbà á sílẹ̀. Ó pààrọ̀ jíà, ó tún dá a padà síbi tó wà.

"Ìgbà kan wà," ó bẹ̀rẹ̀, ohùn rẹ̀ sì ha bí ẹ́ńjìnnì àárọ̀, "tó ò ń bá ṣòkòtò kan jà. O ní, 'Ìwọ ṣòkòtò yìí, ta ló bí ọ?' Mo… mo wà níta. Ẹrù wà lọ́wọ́ mi. Mi ò lè wọlé."

"Kí ló dé?"

"Ẹ̀rín ń pa mí."

Ìyàwó rẹ̀ dúró dè é, ọ̀nà ń lọ lábẹ́ wọn, ó sì hàn pé ọ̀rọ̀ ti fẹ́ tán lẹ́nu ọkùnrin náà.

"Ẹ máa bá a lọ," ó ní. "Kí ni mo tún sọ fún ṣòkòtò?"